KỌ́BÍLÀ ÈSO: OÚNJẸ TÍ KÒ NÍ JẸ́ KÍ MÁŃGÒRÒ WA ṢÒFÒ

Ẹ̀kọ́ ìtọ́jú ilé tiwa lọ́tẹ̀ yìí dá lórí oúnjẹ kan tí wọ́n ń pè ní kọ́bílà. Kì í ṣe kọ́bílà tó ń tún bàtà ṣe lẹ́gbẹ̀ẹ́ títì ni à ń wí o. Èso ni a ó sè, a ó da fùláwà pípò lé e lórí, a ó sì yan án títí orí rẹ̀ yóò fi pọ́n. Kò nira. Ẹni tí kò ṣe kéèkì rí lè ṣe é, ẹni tí kò sì ní ààrò òyìnbó lè yan án nínú ìkòkò.

Nígbà tí a bá parí ẹ̀kọ́ yìí, a fẹ́ kí olúkúlùkù wa lè:

1. sọ ìdí tí kọ́bílà fi bá ilé tí èso pọ̀ níbẹ̀ mu;
2. fi máńgòrò tàbí èso mìíràn ṣe é fún ènìyàn mẹ́jọ;
3. yan án nínú ìkòkò oníyanrìn láìfi ara rẹ̀ àti àwọn ará ilé sínú ewu;
4. ṣírò iye tó ná wa kí a tó sọ pé a fẹ́ tà á.

ÈSO TÓ Ń ṢÒFÒ

Láti oṣù kẹta títí wọ oṣù kẹfà, kò sí ẹni tó ń gbé Ọ̀wọ̀, Ìpele, Úsò, Ìfọ́n tàbí Ìdó-Àní tí a ní láti sọ ìtàn máńgòrò fún. Bí ìjì òjò àkọ́kọ́ bá ti fẹ́, ilẹ̀ á kún. Àwọn ọmọ á ṣà á jẹ títí á fi sú wọn. Èyí tó bá kù á di ti ewúrẹ́ àti eṣinṣin. Ìyá tó bá kó apẹ̀rẹ̀ kan lọ sọ́jà yóò rí i pé àwọn mìíràn ti gbé tiwọn dé ṣáájú òun, owó tí wọ́n sì máa ń dá a lè má tó owó ọkọ̀. Bó bá wá di nǹkan bí oṣù kẹjọ, máńgòrò tí à ń tẹ̀ mọ́lẹ̀ ní oṣù karùn-ún á ti di àwátì.

Bẹ́ẹ̀ ni ti ìbẹ́pẹ tó pọ́n lẹ́ẹ̀kan náà lẹ́yìnkùlé, àti ti ọ̀pẹ̀ òyìnbó tó pọ̀ lójú pópó nígbà tirẹ̀. Èso kì í dúró de ènìyàn. Bí kò bá sí ohun tí a lè fi ṣe ju kí a jẹ ẹ́ ní tútù lọ, púpọ̀ nínú rẹ̀ ni yóò jẹrà lójú wa, nígbà tí àwọn ọmọ wa ń béèrè owó bisikíìtì.

IBI TÍ OÚNJẸ YÌÍ TI WÁ

Ẹnì kan lè sọ pé, "Oúnjẹ òyìnbó lèyí, kí ló kàn wá?" Ẹ jẹ́ kí a rántí pé oúnjẹ òyìnbó ni búrẹ́dì náà nígbà kan. Ọmọ ilẹ̀ Jàmáíkà kan, Amos Shackleford, tó wá ṣiṣẹ́ rélùwéè ní Nàìjíríà ní ọdún 1913, wà lára àwọn tó sọ ọ́ di oúnjẹ gbogbo ayé ní Èkó lẹ́yìn tí ó dá ilé ìbúrẹ́dì sílẹ̀ ní ọdún 1921. Lónìí, ta ló tún ń pe búrẹ́dì àti ẹ̀wà ní oúnjẹ àjèjì?

Ilẹ̀ Amẹ́ríkà ni kọ́bílà ti gbilẹ̀, ní ọ̀rúndún kọkàndínlógún. Àwọn tó ń ṣí kiri láti wá ilẹ̀ tuntun dó sí kò ní ààrò tí wọ́n lè fi yan oúnjẹ. Ìkòkò irin tó nípọn, tó ní ọmọrí, ni wọ́n ní. Wọ́n á gbé e sórí ẹyin iná, wọ́n á tún kó ẹyin iná lé ọmọrí rẹ̀. Èso tí wọ́n bá rí ni wọ́n ń kó sínú rẹ̀, wọ́n á sì da ìwọ̀nba fùláwà tó wà lọ́wọ́ wọn lé e.

Àwọn obìnrin adúláwọ̀ tí wọ́n ń dáná lóko ẹrú níhà gúúsù ilẹ̀ náà náà mọ̀ ọ́n ṣe gan-an. Ọ̀kan nínú àwọn obìnrin tó ti ìgbèkùn ẹrú jáde ni Abby Fisher, tí a bí ní South Carolina. Kò mọ̀wé kà, kò sì mọ̀ ọ́n kọ, ṣùgbọ́n ọwọ́ rẹ̀ mọ oúnjẹ. Ó sọ ìmọ̀ rẹ̀ lẹ́nu, àwọn mìíràn bá a kọ ọ́ sílẹ̀, a sì tẹ̀ ẹ́ ní ìwé ní San Francisco ní ọdún 1881. Kọ́bílà tí a fi èso píìsì ṣe wà nínú ìwé náà. Nítorí náà, kí ìyá kankan nínú ẹgbẹ́ wa má ṣe sọ pé nítorí òun kò kàwé, òun kò ní ohun tí òun lè kọ́ ẹlòmíràn.

ÌDÍ TÍ Ó FI BÁ WA MU

Ẹ wo kéèkì. Nínú kéèkì, fùláwà pọ̀, bọ́tà pọ̀, ṣúgà pọ̀, ẹyin pọ̀. Gbogbo rẹ̀ ni a ń fi owó rà. Ẹ wo búrẹ́dì: fùláwà ni ó fẹ́rẹ̀ẹ́ jẹ́ gbogbo rẹ̀. Ṣùgbọ́n nínú kọ́bílà tí a ó ṣe yìí, agolo fùláwà méjì péré ni a ó lò sí agolo èso mẹ́fà. Ìyẹn ni pé ohun tó pọ̀ jù nínú abọ́ ni ohun tí igi ẹ̀yìnkùlé wa fún wa. Oúnjẹ ẹni tí èso pọ̀ lọ́wọ́ rẹ̀, tí fùláwà sì wọ́n lójú rẹ̀ ni.

Ọ̀rọ̀ fùláwà kì í ṣe ọ̀rọ̀ kékeré nílẹ̀ wa. Àlìkámà tí wọ́n ń lọ̀ di fùláwà kì í hù lágbègbè wa. Láti òkè òkun ni èyí tó pọ̀ jù nínú rẹ̀ ti ń wá. Àwọn àgbà inú wa kò ní gbàgbé ọdún 1987 tí ìjọba fòfin de kíkó àlìkámà wọlé, àti bí ìyà búrẹ́dì ṣe jẹ wá títí wọ́n fi gbé òfin náà kúrò ní 1992. Ní 2005, ìjọba tún ní kí àwọn ilé iṣẹ́ alọfùláwà máa fi ìyẹ̀fun ẹ̀gẹ́ kún tiwọn, ìdá kan nínú mẹ́wàá. Ẹ̀kọ́ tó wà níbẹ̀ ni pé ohun tí a ń rà láti ọ̀nà jíjìn lè gbówó lórí nígbàkigbà. Oúnjẹ tó bá ń lo díẹ̀ nínú rẹ̀ ni ọlọ́gbọ́n ń kọ́.

OHUN ÈLÒ

Agolo mílíìkì kékeré ni kí a fi wọn gbogbo rẹ̀. Agolo kan náà ni kí a lò láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin.

Fún èso:
- máńgòrò pípọ́n tí a ti bó, tí a sì gé, agolo 6 (nǹkan bí máńgòrò ńlá 5 tàbí 6)
- ṣúgà, ìdajì agolo
- omi ọsàn wẹ́wẹ́ kan
- sítáàṣì tàbí fùláwà, ṣíbí ìjẹun 1 tó kún
- atalẹ̀ tí a rin, ìwọ̀nba orí ṣíbí kékeré (bí a bá fẹ́)

Fún orí rẹ̀:
- fùláwà, agolo 2
- ṣúgà, ìdajì agolo
- bekin páúdà, ṣíbí kékeré ìpotíì 3
- iyọ̀, ìdajì ṣíbí kékeré
- bọ́tà, ṣíbí ìjẹun 5, kí a yọ́ ọ
- mílíìkì pípò, agolo 1 àti ààbọ̀ (a lè da mílíìkì inú agolo pọ̀ mọ́ omi ní ìwọ̀n kan náà)
- nọ́tìmẹ́ẹ̀gì díẹ̀, irú èyí tí a ń rin sínú pọfupọ́ọ̀fù

Kò gba ẹyin. Bí ẹyin bá wọ́n, kò kàn wá.

Ẹni tí kò bá fẹ́ lo fùláwà nìkan lè fi ìyẹ̀fun ẹ̀gẹ́ kún un. Bí a bá pín fùláwà sí ọ̀nà mẹ́rin, kí apá kan jẹ́ ti ẹ̀gẹ́. Ṣùgbọ́n ẹ jọ̀wọ́, kì í ṣe láfún. Láfún ti kan nínú omi kí a tó sá a, yóò sì mú kọ́bílà kan. Èyí tí a ń fẹ́ ni ẹ̀gẹ́ tí a bó, tí a fọ̀, tí a rin, tí a fún omi rẹ̀ dànù, tí a sì sá gbẹ lọ́jọ́ kan náà kí ó tó di lílọ̀. Nítorí pé kọ́bílà kò nílò kí ó wú bíi búrẹ́dì, ìyẹ̀fun ẹ̀gẹ́ kì í bà á jẹ́.

BÍ A Ó TI ṢE É

1. Fọ máńgòrò dáadáa kí o tó bó o. Èyí tó bá ti ilẹ̀ wá, fi omi iyọ̀ fọ̀ ọ́. Gé ibi tó bá ti rà kúrò. Bí ìdin bá wà nínú rẹ̀, tàbí tí ó bá ń rùn bí ẹmu tó ti kan, dà á nù. Èso tí ìbá ṣòfò ni à ń gbà là, kì í ṣe èso tó ti bàjẹ́.

2. Gé e wẹ́wẹ́ bí ìka ọwọ́. Bí ó bá jẹ́ máńgòrò kékeré tó ní okùn nínú, fún omi àti ara rẹ̀ sínú abọ́, kí o sì fi ajọ̀ sẹ́ ẹ. Okùn rẹ̀ kò ní há sí eyín ẹni kankan.

3. Po máńgòrò, ṣúgà, omi ọsàn wẹ́wẹ́, atalẹ̀ àti sítáàṣì pọ̀ nínú ìkòkò kékeré. Gbé e kaná díẹ̀díẹ̀ fún ìṣẹ́jú márùn-ún, kí o máa rò ó, títí omi rẹ̀ yóò fi ki. Sítáàṣì ni kò ní jẹ́ kí kọ́bílà di ọbẹ̀.

4. Fi bọ́tà díẹ̀ ra inú páànù kéèkì tó fẹ̀ tó ìka ọwọ́ méjìlá tí a tò pọ̀. Da èso gbígbóná náà sínú rẹ̀.

5. Nínú abọ́ mìíràn, po fùláwà, ṣúgà, iyọ̀, nọ́tìmẹ́ẹ̀gì àti bekin páúdà pọ̀ ní gbígbẹ. Da mílíìkì àti bọ́tà yíyọ́ sí i. Rò ó kí ó ṣáà ti dàpọ̀. Má ṣe lù ú bí ẹni ń lu ẹ̀wà àkàrà. Bí a bá lù ú jù, yóò le nígbà tó bá jinná. Kí ó ki tó ẹ̀wà tí a fẹ́ dín àkàrà.

6. Fi ṣíbí bù ú lé orí èso náà káàkiri. Kò pọn dandan kí ó bo gbogbo ojú rẹ̀. Yóò tàn kálẹ̀ fúnra rẹ̀ nínú iná. Má ṣe rò ó pọ̀ mọ́ èso.

7. Gbé e sínú ààrò tó ti gbóná níwọ̀nba fún ìṣẹ́jú márùndínláàádọ́ta, tàbí sínú ìkòkò oníyanrìn fún nǹkan bíi wákàtí kan. Ó jinná nígbà tí orí rẹ̀ bá pọ́n, tí omi èso ń hó lẹ́gbẹ̀ẹ́gbẹ́, tí a sì fi ẹyọ ìgbálẹ̀ tuntun tó mọ́ gún orí rẹ̀ tí kò yọ fùláwà tútù jáde.

8. Jẹ́ kí ó fara balẹ̀ fún ìṣẹ́jú mẹ́ẹ̀ẹ́dógún kí o tó bù ú. Omi èso tó ń hó máa ń jó ọmọdé lẹ́nu ju ẹ̀kọ gbígbóná lọ.

YÍYAN NÍNÚ ÌKÒKÒ ONÍYANRÌN

Ẹ mú ìkòkò ńlá kan tó nípọn, tó ní ọmọrí tó dé dáadáa. Ìkòkò tí a yà sọ́tọ̀ fún iṣẹ́ yìí ni kó jẹ́, nítorí iná gbígbẹ máa ń sọ inú rẹ̀ dúdú. Ìkòkò fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́ kò dára. Ó lè wọ́ tàbí kí ó lu.

Ẹ fọ yanrìn odò títí omi rẹ̀ yóò fi mọ́, kí ẹ sá a gbẹ pátápátá. Ẹ dà á sí ìsàlẹ̀ ìkòkò kí ó ga tó ìka méjì. Ẹ to òkúta pẹrẹsẹ kékeré mẹ́ta tàbí agolo sadín òfìfo lé e, kí páànù má bàa fara kan yanrìn. Iṣẹ́ yanrìn ni pé kí ó gba ooru iná mọ́ra, kí ó sì máa tú u jáde díẹ̀díẹ̀ káàkiri, kí ó má bàa jó ojú kan ju ojú kejì lọ.

Ẹ dé ìkòkò náà, kí ẹ gbé e ka àdògán èédú fún ogún ìṣẹ́jú kí ó gbóná. Lẹ́yìn náà kí ẹ gbé páànù sínú rẹ̀, kí ẹ dé e. Ẹ kó ẹyin iná díẹ̀ lé ọmọrí rẹ̀, gẹ́gẹ́ bí àwọn ará Amẹ́ríkà ayé àtijọ́ ti ṣe. Èyí ni yóò mú orí kọ́bílà pọ́n, nítorí ooru ìsàlẹ̀ nìkan kì í pọ́n orí. Ẹ má ṣe fẹ́ iná. Ẹ má sì ṣí i wò kí ọgbọ̀n ìṣẹ́jú tó pé. Bí a bá ń ṣí i léraléra, ooru yóò jáde, orí rẹ̀ yóò sì rì.

Ẹni tó bá ń lo sítóòfù gáàsì lè fi ìkòkò oníyanrìn kan náà yan án. Kí ó jẹ́ kí iná mọ níwọ̀n, kí ó má sì gbé ẹyin iná kankan sítòsí gáàsì. Orí rẹ̀ kò ní pọ́n púpọ̀, ṣùgbọ́n yóò jinná.

Ìdí tí a fi ní kí èso wà nísàlẹ̀ nìyí: omi rẹ̀ kì í jẹ́ kí páànù jóná. Nínú ìkòkò, fùláwà tó bá wà nísàlẹ̀ ni yóò kọ́kọ́ jóná.

Ẹ FETÍ SÍ ÈYÍ DÁADÁA

Èédú kì í ṣe ohun tí a ń dá nínú yàrá. Bí a bá dá a sí ibi tí afẹ́fẹ́ kò ti lè jáde, èéfín kan wà nínú rẹ̀ tí ojú kò lè rí, tí imú kò lè gbọ́ òórùn rẹ̀. Ó lè pa gbogbo ẹni tó wà níbẹ̀ lójú oorun. Ìta gbangba, tàbí ilé ìdáná tí ilẹ̀kùn àti fèrèsé rẹ̀ ṣí sílẹ̀, ni kí a ti lò ó. Bí òjò bá bẹ̀rẹ̀ nígbà tí kọ́bílà ń jinná, ẹ fi páànù tàbí abẹ́ òrùlé tó ṣí sílẹ̀ bò ó, ẹ má ṣe gbé àdògán wọ inú yàrá. Kọ́bílà kan tó tutù kò tó ẹ̀mí ènìyàn.

Kí ọmọdé má ṣe sún mọ́ ìkòkò náà. Yanrìn gbígbóná kì í ní àmì lójú. Lẹ́yìn tí iná bá kú pàápàá, yóò ṣì gbóná fún wákàtí bíi méjì. Aṣọ tó nípọn, tó gbẹ, ni kí a fi gbé ọmọrí. Aṣọ tútù máa ń jẹ́ kí ooru dé ọwọ́ kíákíá.

Ohun kejì ni ti èso tí a fi kábáìdì mú pọ́n, irú èyí tí àwọn wẹ́dà ń lò. Àjọ NAFDAC ti kìlọ̀ lórí rẹ̀ lọ́pọ̀ ìgbà, nítorí pé kẹ́míkà rẹ̀ lè ṣe ara ní jàǹbá. Bí máńgòrò wa kò bá tíì pọ́n, ẹ tò ó sínú apẹ̀rẹ̀, ẹ fi ọ̀gẹ̀dẹ̀ wẹ́wẹ́ pípọ́n méjì sáàárín rẹ̀, ẹ fi àpò mímọ́ bò ó. Láàárín ọjọ́ díẹ̀ yóò pọ́n fúnra rẹ̀.

BÍ KÒ BÁ SÍ MÁŃGÒRÒ PÍPỌ́N

Máńgòrò tútù: Èyí tí ìjì gbọ̀n sílẹ̀ láìpọ́n kò gbọdọ̀ ṣòfò. Bó o, gé e tẹ́ẹ́rẹ́, fi ìdajì agolo ṣúgà kún ti tẹ́lẹ̀, má ṣe fi ọsàn wẹ́wẹ́ sí i, kí o sì sè é fún ìṣẹ́jú mẹ́wàá títí yóò fi rọ̀. Ọ̀pọ̀ ènìyàn fẹ́ràn rẹ̀ ju ti pípọ́n lọ nítorí pé ó kan díẹ̀.

Ọ̀pẹ̀ òyìnbó: Omi rẹ̀ pọ̀. Gé e kéékèèké, sè é fún ìṣẹ́jú mẹ́wàá, kí o sì sọ sítáàṣì di ṣíbí méjì. Dín ṣúgà kù bí ó bá dùn.

Ìbẹ́pẹ: Ó wà yíká ọdún. Kò ní kíkan nínú, nítorí náà fi omi ọsàn wẹ́wẹ́ méjì àti atalẹ̀ tó pọ̀ díẹ̀ sí i, kí ó má bàa tẹ́ lẹ́nu.

Ọ̀gẹ̀dẹ̀ wẹ́wẹ́: Kò nílò sísè. Gé e, pò ó mọ́ ọ̀pẹ̀ òyìnbó ní ìdajì sí ìdajì. Ọ̀gẹ̀dẹ̀ tó ti ń dúdú léèpo, tí ẹnikẹ́ni kò fẹ́ rà mọ́, ló dùn jù fún un.

Agbálùmọ̀ ńkọ́? Ẹ jẹ ẹ́ ní tútù. Oje inú rẹ̀ máa ń lẹ̀, iṣẹ́ àtiyọ ara rẹ̀ kúrò lára kóró sì pọ̀ ju èrè rẹ̀ lọ. Kajú náà máa ń fa ọ̀fun, epo inú èèpo kóró rẹ̀ sì ń bó ènìyàn lára. Ẹni tó ń kọ́ iṣẹ́ kò nílò láti fi ìyẹn bẹ̀rẹ̀.

FÚN ARA WA ÀTI ÀWỌN ỌMỌ

Máńgòrò àti ìbẹ́pẹ tó pọ́n yẹ́lò ní ohun tí ara wa ń sọ di fítámì A, èyí tó ń ran ojú lọ́wọ́. Kì í tán nígbà tí a bá sè é. Fítámì C ni iná máa ń dín kù. Nítorí náà, kọ́bílà kò gba ipò èso tútù. Èyí tó kù lẹ́yìn tí a ti jẹ tútù ni kí a fi ṣe é.

Ẹ̀yin tí ẹ ní àtọ̀gbẹ, ẹ ṣọ́ra. Yíyọ ṣúgà kúrò nìkan kò tó, nítorí pé èso náà ní ṣúgà tirẹ̀, fùláwà náà sì ń di ṣúgà nínú ara. Ìwọ̀nba ṣíbí méjì tàbí mẹ́ta lẹ́yìn oúnjẹ ni kí ó jẹ́, gẹ́gẹ́ bí dókítà yín bá ti fi àyè gbà. Bí a bá gbé kọ́bílà wá sípàdé, kí ẹni tó ṣe é sọ ohun tó wà nínú rẹ̀, kí àgbà kankan má bàa jẹ ohun tí kò bá a lára mu nítorí ìtìjú.

Nítorí mílíìkì inú rẹ̀, ọjọ́ tí a bá ṣe é ni kí a jẹ ẹ́ tán bí kò bá sí fíríìjì. Èyí tó bá kù di òwúrọ̀, kí a bò ó mọ́lẹ̀ dáadáa ní alẹ́, kí a sì tún gbé e kaná kí ó gbóná dénú kí a tó jẹ ẹ́. Lẹ́yìn èyí, kí a má ṣe fi pamọ́ mọ́.

BÍ A BÁ FẸ́ TÀ Á

Àwọn kan nínú wa ti ń ronú pé a lè tà á níwájú ilé ìwé tàbí níbi ayẹyẹ. Ó ṣeé ṣe, ṣùgbọ́n ìṣirò ni kó ṣáájú. Ẹ kọ iye fùláwà, ṣúgà, bọ́tà, mílíìkì, bekin páúdà àti èédú sílẹ̀ lọ́tọ̀ọ̀tọ̀. Ẹ kọ owó máńgòrò pẹ̀lú, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé ẹ̀yìnkùlé yín ni ó ti wá. Iye tí ẹ ìbá tà á ni kí ẹ kọ. Ẹ fi owó iṣẹ́ ọwọ́ yín kún un. Gbogbo rẹ̀ pọ̀, ẹ pín in sí ọ̀nà mẹ́jọ. Iye tó bá jáde ni iye tí abọ́ kan ná yín. Ẹni tó bá tà á ní iye yẹn kò jèrè, kò sì pàdánù. Ẹni tó bá tà á sísàlẹ̀ rẹ̀ ń fi oúnjẹ ilé rẹ̀ ta ọrẹ láìmọ̀.

Ọ̀pọ̀ obìnrin ló ń ṣòwò fún ọdún gbọọrọ láìka iṣẹ́ ọwọ́ wọn sí owó. Nígbà tó bá yá, wọ́n á máa bi ara wọn pé kí ló dé tí ọjà ń tán tí owó kò sì sí. Ìwé kékeré kan àti pẹ́ńsù ni ìdáhùn. Ẹni tí kò lè kọ̀wé, kí ọmọ rẹ̀ tó ń lọ sílé ìwé bá a kọ ọ́. Ọmọ náà yóò rí ìṣirò kọ́, ìyá rẹ̀ yóò sì mọ bí òwò òun ṣe rí.

ÌBÉÈRÈ FÚN ÌJÍRÒRÒ

1. Èso wo ló ń ṣòfò jù ní àdúgbò rẹ, oṣù wo sì ni?
2. Kí ni ìyàtọ̀ láàárín láfún àti ìyẹ̀fun ẹ̀gẹ́ tí a lè fi ṣe kọ́bílà?
3. Èé ṣe tí a fi ń kó ẹyin iná lé orí ọmọrí ìkòkò?
4. Kí ni ewu tó wà nínú dídá èédú nínú yàrá? Ta ni nínú ilé rẹ tí kò tíì mọ̀ nípa rẹ̀?
5. Nínú àwọn nǹkan tí à ń tà, èwo ni a kò ka owó iṣẹ́ ọwọ́ wa sí?

IṢẸ́ ÀMÚṢE

Kí a pín ara wa sí ẹgbẹ́ ẹlẹ́ni márùn-ún. Kí ẹnì kan mú ìkòkò àti yanrìn wá, kí àwọn yòókù mú èso, fùláwà, ṣúgà, bọ́tà àti èédú wá. Kí a jọ ṣe é lẹ́ẹ̀kan nínú ọgbà, níta gbangba, ṣáájú ìpàdé tó ń bọ̀. Kí àwọn àgbà tó ti ń fi yanrìn yan kéèkì láti ọjọ́ pípẹ́ kọ́ àwọn ọ̀dọ́ bí a ti ń mọ̀ pé ìkòkò ti gbóná tó. Kí àwọn ọ̀dọ́ sì bá wọn kọ ìṣirò owó rẹ̀ sílẹ̀. Èyí tó bá jinná, kí a kọ́kọ́ bu díẹ̀ ránṣẹ́ sí àwọn ìyá tí ara wọn kò le tó láti wá sípàdé, kí a tó bu tiwa.

Ìgbà máńgòrò kì í pẹ́. Kí ti ọdún yìí má ṣe bọ́ mọ́ wa lọ́wọ́.